Oaxaca lọ́jọ́ kan: ọ̀nà Tlacolula àti ọ̀nà Ocotlán, èwo ni kí ẹ mú?

Ẹni tó bá dé ìlú Oaxaca ní gúúsù Mẹ́síkò, tó fẹ́ fi ọjọ́ kan rí iṣẹ́ ọwọ́, kó jẹ oúnjẹ ìbílẹ̀, kó sì tọ́ mezcal (ọtí líle tí wọ́n ń fi ewéko ẹlẹ́gùn-ún tó ń jẹ́ agave sè) wò níbi tí wọ́n ti ń sè é, ọ̀nà méjì ló wà níwájú rẹ̀. Orúkọ tí àwọn ilé-iṣẹ́ tó ń kó arìnrìn-àjò kiri fi ń polówó pọ̀, ṣùgbọ́n bí ẹ bá wo ibi tí ọkọ̀ wọn ń gbà, méjì náà ni.

Ọ̀kan gba ìlà-oòrùn lọ sí àfonífojì Tlacolula: igi ńlá El Tule, àwọn ahunṣọ Teotitlán del Valle, ahoro ààfin Mitla, Santiago Matatlán tó jẹ́ ìlú mezcal, àti Hierve el Agua lórí òkè. Èkejì gba gúúsù lọ sí Ocotlán: ìkòkò dúdú San Bartolo Coyotepec, ère onígi San Martín Tilcajete, àwọn obìnrin ahunṣọ Santo Tomás Jalieza, ọjà Ocotlán fúnra rẹ̀, àti mezcal inú ìkòkò amọ̀ ní Santa Catarina Minas.

Ẹ má tíì béèrè èyí tó dára jù. Ẹ kọ́kọ́ wo kàlẹ́ńdà.

Ọjọ́ ọjà

Ọjà àfonífojì Oaxaca ṣì ń yípo láti ìlú dé ìlú bíi ọjà ọrọọrún nílẹ̀ wa, àyàfi pé ọ̀sẹ̀ ọlọ́jọ́ méje ni wọ́n ń tẹ̀lé. Ọjọ́rú ni ti Etla, níbi tí wàrà fífà tí wọ́n ń pè ní quesillo ti pọ̀. Ọjọ́bọ̀ ni ti Zaachila, ọjọ́ Ẹtì ni ti Ocotlán, ọjọ́ Àìkú ni ti Tlacolula. Lọ́jọ́ Àbámẹ́ta, inú ìlú Oaxaca gan-an ni èrò ń wọ́ lọ, ní ọjà ńlá Central de Abastos.

Bó bá jẹ́ ọjọ́ Àìkú lẹ ní, ìlà-oòrùn ni kí ẹ gbà. Bó bá jẹ́ ọjọ́ Ẹtì, ẹ gba gúúsù. Láwọn ọjọ́ yòókù, ilé àwọn oníṣẹ́ ọwọ́ ṣí lọ́nà méjèèjì, ṣùgbọ́n ọjà á ti fúyẹ́: àwọn tó wà lábẹ́ òrùlé nìkan lẹ máa bá, àwọn àgbẹ̀ àti ìyá alátẹ tó ń sọ̀ kalẹ̀ láti abúlé pẹ̀lú ẹrù wọn kò ní sí níbẹ̀. Ilé-iṣẹ́ tó bá kọ ọjà Tlacolula sínú ètò ọjọ́ Ìṣẹ́gun kò parọ́, ọjà wà. Àmọ́ kì í ṣe ọjà tó wà nínú fọ́tò wọn lẹ máa rí.

Ọjọ́ Àìkú ní ìṣòro tirẹ̀. Ọmọ Mẹ́síkò àti àwọn tó ń gbé ibẹ̀ kì í sanwó wọ ahoro tó wà lábẹ́ ìjọba lọ́jọ́ náà, nítorí náà Mitla a máa kún. Ẹ ní kí awakọ̀ gbé yín lọ sí Mitla láàárọ̀, kí ẹ tó padà sẹ́yìn wá sí ọjà Tlacolula ní bí aago mọ́kànlá, nígbà tí ẹran ti jinná, tí oòrùn kò sì tíì mú jù. Ọ̀pọ̀ ètò ló ń ṣe òdì kejì èyí.

Wákàtí tó ń lọ sórí ìjókòó ọkọ̀

Ibí ni ọ̀nà méjèèjì ti yàtọ̀ jù lọ, ibẹ̀ náà sì ni ìpolówó kì í sọ. Láti Oaxaca dé El Tule kò ju bíi kìlómítà 10 lọ, Teotitlán tó bíi 30, Mitla tó bíi 45, Hierve el Agua sì tó bíi 70, tí ìparí rẹ̀ jẹ́ ọ̀nà òkè tó ń lọ́ kọ́lọkọ̀lọ. Lọ́nà gúúsù, Coyotepec tó bíi kìlómítà 12, Ocotlán kò sì ju nǹkan bí 35 lọ, lórí ilẹ̀ tó tẹ́jú.

Ẹ jẹ́ ká ṣírò rẹ̀. Bí ọkọ̀ bá kúrò laago mẹ́sàn-án àárọ̀ tó sì padà laago mẹ́fà ìrọ̀lẹ́, wákàtí mẹ́sàn-án lẹ ní. Bí Hierve el Agua bá wà nínú ètò, wákàtí mẹ́ta àbọ̀ á lọ sójú ọ̀nà. Wákàtí kan àbọ̀ á lọ síbi omi náà, wákàtí kan síbi oúnjẹ ọ̀sán, ààbọ̀ wákàtí sí El Tule. Wákàtí méjì àbọ̀ ló kù fún ahunṣọ, Mitla àti mezcal papọ̀, kí ẹ tó yọ àkókò tí èrò ogún fi ń sọ̀ tí wọ́n sì ń wọkọ̀. Ìdí nìyẹn tí ẹlòmíràn fi máa ń sọ pé òun lọ sí Teotitlán, tó sì jẹ́ pé ogún ìṣẹ́jú ló lò níwájú òfì.

Hierve el Agua dára lóòótọ́: omi oníyọ̀ òkúta ti ṣàn láti orí òkè títí ó fi di òkúta funfun tó rọ̀ sílẹ̀ bí ìsun omi tó dúró. Ṣùgbọ́n kì í ṣe iṣẹ́ ọwọ́, kì í ṣe oúnjẹ, omi rẹ̀ kì í sì í gbóná bí àwọn kan ṣe ń rò. Aáwọ̀ láàárín àwọn ará agbègbè náà ti mú kí wọ́n tì í pa rí, bíi ti ọdún 2021, nítorí náà ẹ béèrè bóyá ó ṣí kí ẹ tó sanwó. Bó bá jẹ́ iṣẹ́ ọwọ́ àti ọtí lẹ bá wá, ẹ yọ ọ́ kúrò, kí ẹ wá ètò tí kò ní í. Ìyẹn nìkan á fún yín ní nǹkan bíi wákàtí mẹ́ta padà.

Lójú tiwa, ibi ìdúró mẹ́rin ni òpin ohun tí ọjọ́ kan lè gbà. Ètò tó bá ka méje tàbí mẹ́jọ ń ta ọkọ̀ wíwọ̀ fún yín.

Iṣẹ́ ọwọ́ ìlà-oòrùn

Ohun kan ló ga jù lọ́nà yìí: kápẹ́ẹ̀tì onírun àgùntàn ti Teotitlán. Àwọn Zapotec, ẹ̀yà onílẹ̀ ibẹ̀, ti ń hunṣọ kí àwọn ará Sípéènì tó dé. Àwọn yẹn ló mú àgùntàn àti òfì ńlá tí wọ́n ń fi ẹsẹ̀ tẹ̀ wá. Èyí tó ń mú ojú dúró ni aró. Kòkòrò kékeré kan tí wọ́n ń pè ní cochinilla máa ń gbé lára nopal, igi ẹlẹ́gùn-ún olómi nínú. Wọ́n á gbá a kúrò lára ewé, wọ́n á sá a títí á fi dà bí èso gbígbẹ aláwọ̀ eérú. Ahunṣọ á fi ìka tẹ̀ ẹ́ fọ́ ní àtẹ́lẹwọ́, á sì di pupa bí ẹ̀jẹ̀. Á fún ọsàn wẹ́wẹ́ lé e, pupa náà á mọ́lẹ̀ títí á fi fẹ́ di àwọ̀ ọsàn pípọ́n. Á wá da sódà tí wọ́n fi ń yan àkàrà òyìnbó lé e, á di àwọ̀ àlùkò. Kì í ṣe idán: kíkan ọsàn àti sódà ló ń darí àwọ̀ náà, ohun kan náà ni wọ́n sì ń ṣe nínú ìkòkò aró ńlá. Ẹlú wọn, tí wọ́n ń pè ní añil, láti Santiago Niltepec ni púpọ̀ rẹ̀ ti ń wá; òdòdó pericón ló ń fún wọn ní àwọ̀ ìyeyè.

Gbogbo ilé ló máa ṣe àfihàn yìí fún yín. Kò túmọ̀ sí pé kápẹ́ẹ̀tì tó wà lára ògiri ni wọ́n fi aró yẹn rẹ. Púpọ̀ nínú èyí tí owó rẹ̀ kò pọ̀, aró ilé-iṣẹ́ ló wà lára rẹ̀, òmíràn kì í tilẹ̀ ṣe irun àgùntàn délẹ̀. Ẹ bẹ̀ wọ́n fún fọ́nrán kan ṣoṣo láti etí rẹ̀, kí ẹ fi iná sí i níta. Irun àgùntàn á rùn bí irun orí tó jó, á sì di eérú tí ẹ lè fi ìka lọ̀. Òwú oníke á yọ́, á sì dì sí kókó líle. Lẹ́yìn náà, ẹ fi aṣọ funfun tútù nu ibi tó pupa jù. Bí àwọ̀ bá yí aṣọ náà, aró kò mú. Ẹ tẹ́ kápẹ́ẹ̀tì sílẹ̀ẹ́lẹ̀ pátá, ẹ má gbà á lórí ògiri: orí ilẹ̀ ni igun tó wọ́ àti ẹ̀gbẹ́ tó ń rú sókè ti ń hàn. Níkẹyìn, ẹ yí i padà. Iṣẹ́ tó dára, iwájú àti ẹ̀yìn rẹ̀ bára mu.

Nípa Mitla, ẹ wo ògiri rẹ̀ dáadáa, nítorí àwọn ọnà onígun tó wà níbẹ̀, òkúta kéékèèké tí wọ́n gé tí wọ́n sì tò mọ́ra láìfi ohunkóhun lẹ̀ wọ́n, ni ẹ máa bá lára kápẹ́ẹ̀tì. El Tule kò gbà ju ààbọ̀ wákàtí lọ: igi tí ìdí rẹ̀ tó mítà 42 yípo, ó yẹ ní wíwò, ó tán.

Iṣẹ́ ọwọ́ gúúsù

Oríṣi mẹ́ta lẹ máa bá níbí, wọ́n sì súnmọ́ra. Bó bá jẹ́ pé iṣẹ́ ọwọ́ ló gbé yín wá, gúúsù ni à bá yàn fún yín lọ́jọ́ yòówù.

Ní San Bartolo Coyotepec, amọ̀kòkò kì í lo àgbá-kẹ̀kẹ́ tó ń yí. Àwo méjì ni wọ́n ń lò, wọ́n á dojú ọ̀kan délẹ̀, wọ́n á gbé èkejì lé e, wọ́n á sì máa fi ọwọ́ yí tòkè bí wọ́n ti ń mọ ọ́n. Dídán ìkòkò dúdú náà kì í ṣe àtijọ́ bí àwọn amọ̀nà kan ṣe ń sọ. Doña Rosa Real ló ṣàwárí rẹ̀ ní àwọn ọdún 1950: ó fi òkúta dídán ha ara ìkòkò kó tó gbẹ tán, ó sì sun ún nínú ààrò tí wọ́n dí pa. Nítorí pé afẹ́fẹ́ kò wọlé, irin tó wà nínú amọ̀ yí dúdú, ibi tí òkúta ti ha sì ń dán.

Ohun tí àwọn tó ń rà á kì í mọ̀ nìyí: iná tí kò pọ̀ ni ìkòkò dídán ń jẹ, nítorí bí wọ́n bá sun ún jù, dídán rẹ̀ á lọ. Nítorí náà omi ń gba inú rẹ̀ jáde. Ẹni tó bá fi òdòdó àti omi sínú rẹ̀ lórí tábìlì ilé rẹ̀, omi á jò sórí tábìlì náà. Èyí tí wọ́n sun dáadáa jẹ́ aláwọ̀ eérú, kì í dán, ó sì ń dún gbọnrangandan bí ẹ bá fi ìka kàn án. Òun ni wọ́n fi ń gbé omi àti mezcal látijọ́. Ẹ sọ ohun tí ẹ fẹ́ fi ṣe fún amọ̀kòkò kí ẹ tó yàn.

San Martín Tilcajete ló ń gbẹ́ àwọn ẹranko aláwọ̀ mèremère tí wọ́n ń pè ní alebrije. Pedro Linares, oníṣẹ́ bébà ní Ìlú Mẹ́síkò, ló bẹ̀rẹ̀ orúkọ náà ní àwọn ọdún 1930. Ní Oaxaca, Manuel Jiménez ti abúlé Arrazola ló gbé ère onígi ìgbàlódé wọn dìde. Igi copal ni wọ́n ń lò, nítorí ó rọ̀ nígbà tó ṣì tútù. Àdá ni wọ́n fi ń gé ìrísí rẹ̀, ọ̀bẹ ni wọ́n fi ń parí rẹ̀, lẹ́yìn náà á gbẹ fún ọ̀sẹ̀ tàbí oṣù, gẹ́gẹ́ bó ṣe tóbi sí. Èyí tí wọ́n kánjú kùn kó tó gbẹ á sán nígbà tó bá dé ibi tí afẹ́fẹ́ rẹ̀ gbẹ. Ẹ yí ère náà dojú dé, kí ẹ wo ìsàlẹ̀: bí ẹ bá rí ihò bí orí abẹ́rẹ́ tàbí ìyẹ̀fun igi, kòkòrò wà nínú rẹ̀. Ère kékeré, ẹ lè fi sínú fírísà fún ọ̀sẹ̀ méjì kó tó wọ pálọ̀. Ní ti iye owó, kíkùn ló ń pinnu ju gbígbẹ́ lọ. Èyí tí àmì tóótòòtó rẹ̀ ṣe déédéé láti imú dé ìrù, ọ̀pọ̀ ọjọ́ iṣẹ́ ló wà lára rẹ̀.

Santo Tomás Jalieza kò gba àkókò púpọ̀. Àwọn obìnrin ibẹ̀ máa ń so orí òfì mọ́ òpó, wọ́n á de ìdí rẹ̀ mọ́ ìbàdí ara wọn, wọ́n á sì fi ara wọn fà á le. Ìgbànú àti àpò ni kí ẹ rà níbẹ̀.

Ọtí: Matatlán tàbí Minas

Matatlán pe ara rẹ̀ ní olú-ìlú mezcal àgbáyé, ó sì rọrùn láti dé. Wàhálà rẹ̀ ni pé ilé tó wà létí títì fún bọ́ọ̀sì pọ̀ níbẹ̀. Bí ẹ bá wọlé tó jẹ́ káúńtà àti ìgò ọtí aládùn aláwọ̀ oríṣiríṣi lẹ rí, ṣọ́ọ̀bù lẹ wà. Ibi iṣẹ́ gidi, tí wọ́n ń pè ní palenque, ní ohun mẹ́rin tí ojú lè rí: kòtò òkúta tí wọ́n fi ń sun agave, ọlọ òkúta ńlá tí ẹṣin ń fà yípo, àgbá onígi tí ó ti ń kan, àti ìkòkò sísè.

Ọkàn agave tí wọ́n ti gé ewé rẹ̀ kúrò ni wọ́n ń kó sínú kòtò lórí òkúta gbígbóná, wọ́n á fi erùpẹ̀ bò ó fún ọjọ́ mẹ́ta sí márùn-ún. Èéfín ibẹ̀ ni ẹ ń tọ́ wò nínú ọtí. Wọ́n á lọ̀ ọ́, wọ́n á dà á sínú àgbá pẹ̀lú omi fún bí ọ̀sẹ̀ kan, ó lè jù bẹ́ẹ̀ lọ nígbà òtútù, wọ́n á sì sè é lẹ́ẹ̀mejì. Nítorí pé gbogbo rẹ̀ ń gba ọ̀sẹ̀ bíi mélòó kan, ọjọ́ kan kò lè fi gbogbo rẹ̀ hàn yín. Ẹ bi ilé-iṣẹ́ ṣáájú: kí ni wọ́n ń ṣe níbẹ̀ lọ́sẹ̀ yìí? Amọ̀nà tí kò bá lè dáhùn kò mọ onílé náà.

Ìkòkò bàbà ni Matatlán ń lò. Ní Santa Catarina Minas, ìkòkò amọ̀ ni, tí wọ́n gbé ọ̀kan lé èkejì, tí abọ́ bàbà olómi tútù sì wà lórí. Ooru ọtí á kan ìdí abọ́ náà, á di omi, á kán sórí igi tí wọ́n gbẹ́ bíi ṣíbí, á sì gba inú esùsú jáde. Ìkòkò náà kéré, ó sì ń fọ́, ìdí nìyẹn tí ọtí rẹ̀ fi wọ́n. Adùn rẹ̀ máa ń ní òórùn amọ̀ tútù díẹ̀. Ẹni tó ti mọ mezcal díẹ̀, Minas ni kó lọ. Ẹni tó ń bẹ̀rẹ̀, tó fẹ́ rí ẹṣin àti ọlọ, Matatlán tó o.

Nípa ìwé ara ìgò: òfin Mẹ́síkò pín mezcal sí mẹ́ta. Ancestral ni ti ìkòkò amọ̀. Artesanal gba bàbà àti ọlọ òkúta. Èyí tó bá kọ mezcal lásán lè jẹ́ ti ẹ̀rọ ilé-iṣẹ́ ńlá. Agbára rẹ̀ wà láàárín ìdá 35 sí 55 nínú 100. Ẹ wá ìgò tó dárúkọ irú agave, ìlú àti ẹni tó sè é. Espadín ni ti gbogbo ènìyàn, ó ń gbó ní nǹkan bí ọdún mẹ́fà sí mẹ́jọ. Tepeztate lè lo ju ogún ọdún lọ nínú igbó, nítorí náà ẹ béèrè bóyá wọ́n ń gbin òmíràn. Èyí tí wọ́n kọ destilado de agave sí kì í ṣe ayédèrú dandan. Àwọn kan tó ń sè é kò fẹ́ san owó ìwé-ẹ̀rí ni. Kòkòrò inú ìgò kò fi nǹkan kan hàn nípa bó ṣe dára sí.

Wọ́n á fa ọtí sínú esùsú, wọ́n á sì tú u sínú igbá kékeré kí ẹ lè rí ìfóòfó rẹ̀. Èyí tó tò yípo tí kò tètè fọ́, agbára rẹ̀ wà ní bíi 45 sí 55. Agbára ni ìfóòfó ń fi hàn, kì í sọ nípa adùn. Ẹ jẹun kí ẹ tó dé ibẹ̀: ìtọ́wò mẹ́jọ, tí ọ̀kọ̀ọ̀kan jẹ́ mílílítà 15, tó bíà ìgò ńlá méjì, Oaxaca sì ga ju mítà 1,500 lọ, oòrùn ibẹ̀ kò ṣeré.

Oúnjẹ

Tlacolula ló borí lọ́jọ́ Àìkú. Ẹ lè ra ẹran tasajo àti àlùbọ́sà tútù lọ́wọ́ alápatà, kí ẹ sì yan án fúnra yín lórí iná èédú tó wà láàárín ọjà. Ẹran ewúrẹ́ barbacoa pẹ̀lú omi ọbẹ̀ rẹ̀ wà, tata yíyan oníyọ̀ àti ọsàn wẹ́wẹ́ wà, tejate náà wà, ohun mímu tútù tí wọ́n fi àgbàdo, kòkó àti kóró èso mamey pò. Ocotlán dára fún memela (àkàrà àgbàdo pẹlẹbẹ) àti ọbẹ̀ mole, ṣùgbọ́n kò tó ti Tlacolula. Ilé oúnjẹ bọ́ọ̀fẹ́ẹ̀ tí ètò púpọ̀ ń gbé èrò lọ ni kí ẹ sá fún. Ẹ béèrè bóyá oúnjẹ ọ̀sán wà nínú owó, bí ó bá sì wà, níbo.

Ẹni tí kì í jẹ ẹlẹ́dẹ̀, ẹ fiyè sí i: ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ tí wọ́n ń pè ní asiento ni wọ́n ń kọ́kọ́ fi ra memela àti tlayuda, àkàrà àgbàdo tó fẹ̀, ẹ̀wà wọn náà sábà máa ń ní in. Ẹ sọ pé «sin asiento, sin manteca» (láìsí asiento, láìsí ọ̀rá) kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀. Mole ní ẹ̀pà, álímọ́ńdì àti yánmọtí nínú. Ẹni tí ara rẹ̀ kò gba ẹ̀pà kò gbọ́dọ̀ fi dánwò. Ẹni tí kì í mutí, ọ̀nà gúúsù kò ní jẹ́ kí owó rẹ̀ ṣòfò: yíyọ Minas kúrò á fi wákàtí kan kún àkókò Tilcajete.

Bó bá jẹ́ Guadalajara lẹ wà

Ẹ má tìtorí èyí wọkọ̀ òfurufú lọ sí Oaxaca. Ìlú Tequila, tí ọtí agave tó ń jẹ́ tequila ti gba orúkọ, jìnnà sí Guadalajara ní bíi kìlómítà 60, oko agave rẹ̀ sì ti wà lára ohun àjogúnbá àgbáyé UNESCO láti ọdún 2006. Ilé-iṣẹ́ ńlá ni ẹ máa rí níbẹ̀, ọkọ̀ rẹ̀ rọrùn, amọ̀nà tó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì pọ̀. Iṣẹ́ ọwọ́ kò sí lójú ọ̀nà náà. Tlaquepaque àti Tonalá, ìlú méjì tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ Guadalajara, ló ni ín, ọjà Tonalá sì jẹ́ Ọjọ́bọ̀ àti ọjọ́ Àìkú. Ẹ yà wọ́n sí ọjọ́ méjì. Bí ẹ bá ń ra tequila, ẹ rí i pé wọ́n kọ «100% agave» sí i, nítorí èyí tí kò ní in lè jẹ́ ṣúgà mìíràn títí dé ìdá 49 nínú 100.

Gbígbé e wálé

Owó ọwọ́ ni kí ẹ mú lọ lọ́nà méjèèjì, ní pẹ́sò. Káàdì kì í ṣiṣẹ́ ní ilé ahunṣọ púpọ̀, ẹ̀rọ ATM sì ṣọ̀wọ́n ní abúlé. Ọtí tó wà láàárín ìdá 24 sí 70, lítà 5 ni ẹnì kan lè kó sínú ẹrù tó ń lọ sábẹ́ bàálù, ó sì gbọ́dọ̀ wà nínú ìgò títà tí wọ́n dí. Ọtí inú ike tí wọ́n rọ fún yín ní palenque, pápákọ̀ òfurufú lè gbà á sílẹ̀. Amẹ́ríkà gba lítà 1 láìsan owó orí fún ẹni ọdún 21 sókè. Britain gba lítà 4. Wàrà quesillo, ẹ jẹ ẹ́ tán níbẹ̀ bí ẹ bá ń padà sí London, nítorí wọn kì í jẹ́ kí wàrà àti ẹran wọlé láti Mẹ́síkò. Ìkòkò dúdú, ẹ kó aṣọ sínú rẹ̀ àti síta rẹ̀, kí ẹ sì gbé e dání. Ọrùn rẹ̀ ni í kọ́kọ́ ṣẹ́. Kápẹ́ẹ̀tì, ẹ ká a, ẹ má ṣe pa á po.